Èdídí Orí Òrùlé

Mi ò tíì ju ọmọ ọdún mẹ́sàn-án lọ nígbà tí bàbá mi kó èmi àti ìyá mi lọ sí erékùṣù kékeré kan láàárín Òkun Mẹditaréníà. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì bi mí pé kí ni Yorùbá ń wá débẹ̀. Iṣẹ́ dókítà ni bàbá mi lọ kọ́ ní ilẹ̀ àwọn òyìnbó apá ibẹ̀. Nígbà tó parí, wọ́n ní àfi kó kọ́kọ́ lọ ṣiṣẹ́ ọdún mẹ́ta níbi tí àwọn dókítà tiwọn kì í fẹ́ lọ. Bí ayé ṣe rí náà nìyẹn. Ibi tí ọmọ onílé ò bá fẹ́ dé, àlejò ni wọ́n máa ń rán lọ. Ẹ̀yin tí ẹ ń ṣiṣẹ́ òru ní àwọn ilé ìkẹ́rùsí Malton, nílẹ̀ òtútù tí a jọ wà yìí, mi ò ní láti ṣàlàyé ìyẹn fún yín.

Erékùṣù náà ò tóbi. Tí ẹ bá jẹun àárọ̀ tán tí ẹ bẹ̀rẹ̀ sí í rìn, ẹ ó ti yí i po kí oúnjẹ ọ̀sán tó jinná. Òkúta ni gbogbo rẹ̀. Wọ́n fi òkúta kọ́lé, wọ́n fi òkúta ṣọgbà, wọ́n tún kó òkúta yí ìdí igi ólífì ká kí atẹ́gùn má baà hú u. Igi ọ̀pọ̀tọ́ ibẹ̀ kì í ga, atẹ́gùn ti tẹ̀ wọ́n lórí ba, ewúrẹ́ ló máa ń gun orí wọn lọ jẹ ewé. Àwọn ọkùnrin á jókòó sí èbúté láàárọ̀, wọn á máa tún àwọ̀n wọn ṣe. Àwọn obìnrin á lọ ha iyọ̀ lára àpáta etí òkun, níbi tí oòrùn ti fa omi gbẹ. Tó bá di ọ̀sán, gbogbo ìlú á ti fèrèsé pa, ẹ ò ní gbọ́ ju agogo ọrùn ewúrẹ́ lọ. Ọmọ ọmọ mi kan fi fọ́tò irú ibẹ̀ hàn mí lórí fóònù rẹ̀ lọ́jọ́sí, ó ní òun àti àwọn ọ̀rẹ́ òun fẹ́ lọ gbafẹ́ níbẹ̀. “Grandma, it's so beautiful,” ló wí. Mo ní ó lẹ́wà lóòótọ́. Ṣùgbọ́n nínú fọ́tò yẹn, ẹ bá mi wá odò kan. Ẹ bá mi wá ìsun omi kan ṣoṣo. Kò sí.

Omi òjò nìkan ni wọ́n ní, òjò náà kì í sì í rọ̀ láti oṣù karùn-ún títí di oṣù kẹsàn-án, nígbà míì títí di oṣù kẹwàá. Nítorí náà, lábẹ́ ilé kọ̀ọ̀kan, wọ́n gbẹ́ kànga kan sínú òkúta. Kì í ṣe irú kànga tiwa tó ní ìsun o. Iyàrá òkúta lásán ni, omi tó bá bọ́ sínú rẹ̀ nígbà òjò ni omi tí ẹ ní. Omi tí a fi bọ́jú, òun la fi ń fọ ẹsẹ̀, òun la tún ń dà sí ìdí igi. Òrùlé wọn tẹ́ pẹrẹsẹ bí ilẹ̀ pálọ̀, ó fì díẹ̀ sí igun kan, ihò kan sì wà ní igun yẹn tí omi òjò ń gbà ṣàn lọ sínú kànga. Ọ̀rọ̀ ihò yẹn ni mo fẹ́ sọ.

Obìnrin opó kan ló ni ilé tí à ń gbé. Òun wà nísàlẹ̀, àwa wà lókè, kànga kan náà la jọ ń mu. Ìyá Onílé là ń pè é. Ó gùn, ó gbẹ, aṣọ dúdú ló máa ń wọ̀ láti ọjọ́ tí ọkọ rẹ̀ ti kú sókun, orúnkún rẹ̀ ò sì jẹ́ kó lè gun àtẹ̀gùn mọ́. Nígbà tó fi máa di oṣù kẹfà tí a débẹ̀, èmi ti ń gbọ́ èdè wọn bí ọmọ tí wọ́n bí síbẹ̀, ṣùgbọ́n ìyá mi ò gbọ́ ju “ẹ kú àárọ̀” àti “ẹ ṣeun” lọ. Èmi ni ẹnu rẹ̀. Lọ́jà, ní ṣọ́ọ̀ṣì, lọ́dọ̀ Ìyá Onílé, èmi ni mo ń bá a túmọ̀. Mo sì ń gbéra ga nítorí ẹ̀ o, kí n má parọ́ fún yín.

Òfin orí òrùlé ò ju méjì lọ. Tí ẹ̀ẹ̀rùn bá ń parí lọ, ẹ gbá òrùlé, ẹ fi ẹfun kùn ún, ẹ má fi ohunkóhun sílẹ̀ lórí ẹ̀. Lẹ́yìn náà, ẹ fi èdídí igi dí ihò yẹn pa, kí òjò àkọ́kọ́ lè fọ eruku àti ìgbẹ́ ẹyẹlé kúrò, kó ṣàn dànù sójú títì. Ó di ìgbà tí òjò kejì tàbí ìkẹta bá rọ̀, tí ẹ rí i pé omi tó ń ṣàn mọ́ lóló, kí ẹ tó yọ èdídí. Ẹni tó bá yọ ọ́ ṣáájú, omi gbogbo ilé ló bà jẹ́. Ìyá Onílé sọ ọ́, mo túmọ̀ rẹ̀, ìyá mi mi orí. Nítorí orúnkún rẹ̀ yẹn, àwa ló fi èdídí náà lé lọ́wọ́. Ó rò ó títí kó tó fi lé wa lọ́wọ́.

Wàyí o, ìyá mi ò lè jẹ oúnjẹ tí kò ta. Ẹja, tòmátì, òróró, búrẹ́dì, oúnjẹ wọn dára, ṣùgbọ́n kò ta rárá. Ìyá mi ní oúnjẹ aláìsàn ni. Ó gbin ata sínú àwọn agolo òróró lójú gbogbo fèrèsé, irúgbìn tí ìyá rẹ̀ fi sínú lẹ́tà ránṣẹ́ láti Ìbàdàn. Oòrùn ibẹ̀ ṣe wọ́n lóore. Nígbà tí oṣù kẹjọ fi máa dé ìdajì, ata ti pọ̀ ju ohun tí a lè jẹ tán lọ, ìyá mi bá tẹ́ ẹní méjì sórí òrùlé, ó sá ata sí i. Nígbà tí oṣù kẹsàn-án wọlé, Ìyá Onílé ní kí n sọ fún un pé àsìkò ti tó, kó kó o kúrò. Ìyá mi dáhùn, “Sọ fún un pé ọjọ́ méjì péré ló kù kó gbẹ. Òjò wo? Níbo ni ìkùukùu wà?” Nílé wa, òjò kì í yọ́ wọlé. Á ṣú, atẹ́gùn á jà, èèyàn á ti kó aṣọ, á ti kó èlùbọ́, á ti pe ọmọ wọlé kó tó dé. Ìyá mi rò pé gbogbo òjò ayé ló níwà bíi tiwa.

Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni ọmọ Ìyá Onílé, ọmọ kan ṣoṣo tó bí, bẹ̀rẹ̀ sí í rọbí, ọmọ inú rẹ̀ ò sì wálẹ̀. Bàbá mi yẹ̀ ẹ́ wò títí, ó ní àfi kí wọ́n gbé e lọ sí ìlú ńlá tó wà ní òdìkejì òkun fún iṣẹ́ abẹ. Wọ́n gbé e sínú ọkọ̀ apẹja, bàbá mi bá a lọ. Ọjọ́ kìíní kọjá, ọjọ́ kejì kọjá, a ò gbúròó wọn. Òkun ti ń ru. Ní ọ̀sán ọjọ́ kẹta, ìyá mi di Ìyá Onílé lápá mú, àwọn méjèèjì rọra sọ̀kalẹ̀ lọ sí èbúté láti wò bóyá ọkọ̀ kankan ń bọ̀. Ìyá mi ní kí n dúró ti ilé. Kó tó jáde, ó gun òrùlé lọ, ó yí ata padà, ó tẹ èdídí mọ́lẹ̀. Mo wà níbẹ̀. Ó fi gìgísẹ̀ tẹ̀ ẹ́, lẹ́ẹ̀mejì.

Òjò náà ò kìlọ̀ fún ẹnikẹ́ni. Ó ṣú lójijì lápá òkun, kí n tó ṣẹ́jú, àrá ti sán, omi ti ń dà. Ata ló kọ́kọ́ sọ sí mi lọ́kàn, mo sì sáré gòkè. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo dé orí òrùlé, tí mo rí omi tó ń ṣàn kọjá lórí ihò tí a dí yẹn, tó ń lọ sójú títì lásán, ọ̀rọ̀ mìíràn gba ọkàn mi. Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo rò fún yín, torí kì í ṣe ìpáǹle ni mo ṣe. Ìyá àgbà mi n'Ìbàdàn, ìyá tó bí ìyá mi, kì í jẹ́ kí òjò àkọ́rọ̀ ṣòfò. Òjò tó bá kọ́kọ́ rọ̀ lẹ́yìn ẹ̀ẹ̀rùn, á gbé ìkòkò síta, á ní kí gbogbo àwa ọmọdé lọ wẹ̀ nínú rẹ̀, á tọ́jú ìyókù fún àgbo. Ó ní ìbùkún ni, ẹni tó bá jẹ́ kó lọ lásán ti fẹsẹ̀ ta oore. Kànga wa sì ti ń gbẹ lọ. Omi tó kù níbẹ̀ ò ju orúnkún mi lọ, òun ni ilé méjèèjì fẹ́ fi dúró de òjò gidi. Mo ní tí wọ́n bá dé láti èbúté tí wọ́n bá kànga ní kíkún, wọn ó yìn mí, inú Ìyá Onílé tó ń ronú ọmọ rẹ̀ á dùn díẹ̀. Mo fi ọwọ́ méjèèjì yọ èdídí.

Ẹ wá gbọ́ bí omi ṣe ń wọlẹ̀ lọ! Inú mi dùn débi pé mo ń jó nínú òjò. Ìgbà tí mo yíjú padà ni mo rí ẹní ìyá mi. Ó ti léfòó. Ata ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ti ṣí kúrò lórí rẹ̀, ó ń bá omi bọ̀, pẹ̀lú ẹfun, pẹ̀lú ìgbẹ́ ẹyẹlé, gbogbo rẹ̀ kọjú sí ihò. Mo ń fi ọwọ́ kó o, ó ń gba àárín ìka mi kọjá. Mo wá èdídí, mi ò rí i. Nígbà tí mo máa rí i, mo tì í bọnú ihò, mo ń tẹ̀ ẹ́, kò wọlé dáadáa. Lẹ́yìn náà ni òjò dá. Kò rọ̀ tó àkókò tí ìrẹsì fi ń jinná. Oòrùn tún yọ bí ẹni pé nǹkan kan ò ṣẹlẹ̀.

Ìyá mi ló kọ́kọ́ gòkè. Ó rí ẹní, ó rí ata mélòó kan tó kù sílẹ̀, ó rí èdídí tó dúró wọ́gọwọ̀gọ sẹ́nu ihò. Ó fọwọ́ kàn án, ó mì. “Yéè! Mo gbé!” ló ké. Kò bi mí ní ìbéèrè kankan. Ká ní ó bi mí ni, bóyá ǹ bá ti jẹ́wọ́. Ó kàn jókòó sórí òrùlé tútù yẹn, ó ká ọwọ́ lérí, ó ní, “Èmi náà ni. Ọkàn mi ti lọ sọ́dọ̀ ọkọ̀, mi ò tẹ̀ ẹ́ dáadáa.” Mo dúró níbẹ̀, omi ń kán lára aṣọ mi.

Nígbà tí a máa sọ̀kalẹ̀, Ìyá Onílé ti fa korobá kan jáde nínú kànga. Omi náà ti yí àwọ̀ padà, ata wẹ́wẹ́ ń léfòó lójú rẹ̀. Ó ti ìka bọ̀ ọ́, ó fi kan ahọ́n, ó tutọ́ sílẹ̀. Ohun tí ìyá mi wá ṣe ni ohun tí a máa ń ṣe nílé. Orúnkún rẹ̀ méjèèjì ló fi kanlẹ̀, lórí òkúta, níta gbangba, tí àwọn aládùúgbò ti ń yọjú. Lọ́dọ̀ tiwọn, inú ṣọ́ọ̀ṣì nìkan ni èèyàn ti ń kúnlẹ̀. Wọn ò rí i rí kí èèyàn kúnlẹ̀ fún èèyàn. Ìyá mi gbójú sókè wò mí, ó ní, “Sọ fún un. Sọ fún un pé èmi ni. Èmi ni mo gbàgbé láti tẹ èdídí.”

Ẹ̀yin ọmọ mi, mo sọ ọ́. Ẹnu ara mi ni mo fi sọ ọ́, ní èdè wọn, ó já gaara: “Màmá mi ní òun ni òun gbàgbé.”

Ìyá Onílé ò wo ìyá mi. Èmi tí mo ń túmọ̀ ló ń wò. Ó ní, “Sọ fún un pé ẹni tí kò lè ṣọ́ ihò kan, kò lè ṣọ́ ilé. Sọ fún un pé ọmọ mi wà lókè òkun, tó bá gbé ìkókó bọ̀, kí ni mo fẹ́ fi wẹ̀ ẹ́?” Mo túmọ̀ ìyẹn náà. Mi ò yọ ọ̀rọ̀ kan kúrò níbẹ̀. Ìyá mi ní, “Òótọ́ ló sọ.” Wọ́n ní ẹyin lohùn, tó bá ti bọ́, fífọ́ ló ń fọ́. Ẹyin tèmi bọ́ lọ́jọ́ yẹn, orí ìyá mi ló fọ́ sí.

Ọkọ̀ tó máa ń gbé omi wá nígbà ẹ̀ẹ̀rùn ò lè dé pẹ̀lú bí òkun ṣe ń ru. Kànga kan wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì tó jẹ́ ti gbogbo ìlú, àlùfáà ló ń tọ́jú kọ́kọ́rọ́ rẹ̀, korobá méjì ló yọ̀ǹda fún ilé wa lóòjọ́. Ọ̀kan fún ìsàlẹ̀, ọ̀kan fún òkè. A bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́n kànga. Korobá tẹ̀lé korobá, à ń dà á sójú títì, ewúrẹ́ tó bá gbóòórùn rẹ̀ á sín, á sá lọ. Nígbà tó ku ìsàlẹ̀, èmi nìkan ni ẹnu kànga gbà. Wọ́n so okùn mọ́ mi lábẹ́ apá, wọ́n rọra sọ mí kalẹ̀ pẹ̀lú búrọ́ọ̀ṣì. Ata ti wọ ara òkúta. Ojú mi ń ta, imú mi ń ta, ìka mi ń jó mi. Mi ò sunkún. Mo ń sọ fún ara mi pé ìyà tó tọ́ sí mi nìyẹn, tí mo bá ti fọ̀ ọ́ mọ́ tán, ó tán, kò sí pé mo tún ń jẹ́wọ́ fún ẹnikẹ́ni. Ìyá mi yọjú láti òkè, ó ní, “Ọmọ mi, ṣé ó ń ta ẹ́? Má bínú sí mi. Ẹ̀bi mi ni.” Ẹ gbà mí gbọ́, ìyẹn ló ta mí ju ata lọ.

Ọjọ́ karùn-ún lẹ́yìn òjò yẹn ni ọkọ̀ tó gbé bàbá mi lọ dé. Ìyá ọmọ yè, ọmọ náà yè, ọkùnrin làńtì lanti. Ìyá Onílé dì mọ́ bàbá mi, ó ń sunkún. Omi tí àlùfáà fún wa, tòkè tìsàlẹ̀, ni wọ́n fi wẹ ìkókó náà, ìyá mi ò sì mu ju ife kan lọ lọ́jọ́ yẹn. Nítorí iṣẹ́ tí bàbá mi ṣe ni Ìyá Onílé ò fi lé wa jáde. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ kejì, àbúrò rẹ̀ ọkùnrin wá kan ilẹ̀kùn sí ẹsẹ̀ àtẹ̀gùn òrùlé, ó fi àgádágodo tì í, ó mú kọ́kọ́rọ́ lọ.

Ìlú kékeré ni. Kí ọ̀sẹ̀ tó parí, gbogbo erékùṣù ti mọ ìyá mi sí obìnrin tó ba omi jẹ́. Wọn ò bú u rí o. Tó bá ti fẹ́ fọwọ́ kan korobá nílé ẹnikẹ́ni, wọ́n á rẹ́rìn-ín músẹ́, wọ́n á rọra gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ìyá mi hú gbogbo ata rẹ̀ dànù. Ọdún méjì tó kù tí a lò níbẹ̀, oúnjẹ aláìsàn yẹn ló ń jẹ, kò ráhùn lẹ́ẹ̀kan. Tí mo bá jí láàárọ̀, mo máa ń ní òní yìí ni mo máa sọ ọ́. Lákọ̀ọ́kọ́, ẹgba ni mò ń bẹ̀rù. Nígbà tó yá, kì í tún ṣe ẹgba mọ́. Ó ti pẹ́ jù ni, mi ò sì mọ ibi tí èèyàn ti ń bẹ̀rẹ̀.

A padà sí Ìbàdàn, mo dàgbà, mo lọ́kọ, mo bímọ. Ṣùgbọ́n ìyá mi tí mo mọ̀, tó máa ń ṣe nǹkan pẹ̀lú ìgboyà, kò bá wa padà. Èyí tó bá wa padà kì í gbẹ́kẹ̀ lé ọwọ́ ara rẹ̀. Tó bá ti ilẹ̀kùn, á padà lọ fà á wò. Tó bá pa sítóòfù, á pè mí, “Bá mi wò ó, o mọ̀ pé mo máa ń gbàgbé.” Kò gbàgbé nǹkan kan rí! Obìnrin tó mọ ọjọ́ ìbí gbogbo ọmọ àdúgbò sórí! Wọ́n ní kó wá máa tọ́jú kọ́kọ́rọ́ ilé ẹgbẹ́ àwọn ìyá ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó kọ̀, ó ní ọwọ́ òun kì í ṣe ọwọ́ tí à ń fi nǹkan lé. Bàbá mi rò pé ìrẹ̀lẹ̀ ni. Bàbá mi ti kú báyìí, kò mọ̀.

Lẹ́yìn ikú bàbá mi ni mo mú un wá sọ́dọ̀ wa níbí, ní Whitby, ilé ọmọ mi obìnrin tí èmi náà ti wá ń gbé. Ó ku ọdún kan kó pé àádọ́rùn-ún. Ọmọ mi àti ọkọ rẹ̀ ń jáde lọ síbi iṣẹ́ kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa, èmi náà ṣì ń ṣiṣẹ́ ọjọ́ mẹ́ta lọ́sẹ̀, ìyá mi á sì dá wà nílé. Nígbà òtútù tó kọjá yìí, ọ̀rọ̀ náà le sí i. A bá a tó dúró níwájú sítóòfù láti àárọ̀, kò jẹun, kò jókòó, ó ní kò dá òun lójú pé òun pa á. Ọmọ mi ní, “Mummy, she's not safe alone.” Ó pe àwọn tó yẹ kó pè. Wọ́n ní nọ́ọ̀sì kan máa wá yẹ̀ ẹ́ wò nílé, tó bá jẹ́ pé ìgbàgbé ló ń ṣe é, a ò ní lè máa fi í sílẹ̀ nìkan mọ́, a máa wá àyè fún un nílé ìtọ́jú àwọn arúgbó. Ìyá mi gbọ́ ọ. Ó pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní, “Ẹ má gbé mi lọ síbi tí mi ò ti ní rẹ́ni bá sọ Yorùbá. Mo bẹ̀ ọ́.” Èmi tí mo ń ṣiṣẹ́ nírú ilé bẹ́ẹ̀, mo mọ ohun tó ń bẹ̀rù.

Nọ́ọ̀sì náà dé, ọmọbìnrin jẹ́jẹ́ kan, ó bọ́ bàtà rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà bí a ṣe ń ṣe níbí. A jókòó sídìí tábìlì kíṣìnì, àwa mẹ́ta. Òyìnbó tí ìyá mi gbọ́ ò tó nǹkan, nítorí náà èmi ni mo tún ń túmọ̀. Ọjọ́ wo la wà? Ìyá mi mọ̀ ọ́n. Oṣù wo? Ó mọ̀ ọ́n. Ẹ ya ojú aago fún mi. Ó yà á. Mo ń mí díẹ̀díẹ̀. Lẹ́yìn náà ni nọ́ọ̀sì bèèrè pé láti ìgbà wo ló ti ń kíyè sí i pé òun ń gbàgbé nǹkan. Mo túmọ̀ rẹ̀. Ìyá mi ò ronú lẹ́ẹ̀mejì.

“Sọ fún un pé ó ti pẹ́,” ló wí. “Láti ìgbà tí a wà ní erékùṣù. Sọ fún un pé èmi ni mo gbàgbé láti tẹ èdídí.”

Ọ̀rọ̀ kan náà ni. Kò fi kún un, kò yọ níbẹ̀. Nọ́ọ̀sì gbé bírò dání, ó ń wò mí, ó ń retí kí n sọ ọ́ lédè òyìnbó kó lè kọ ọ́ sílẹ̀. Wọ́n ní bí irọ́ bá lọ lógún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òótọ́ máa bá a. Tèmi ti lọ nǹkan bí ọgọ́ta ọdún, ó sì ti rò pé òun ti yè é. Mo kẹ̀yìn sí nọ́ọ̀sì, mo kọjú sí ìyá mi.

“Màmá, ẹ ò gbàgbé,” mo ní. “Ẹ tẹ̀ ẹ́. Ẹ fi gìgísẹ̀ tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀mejì, mo rí yín. Èmi ni mo yọ ọ́.”

Ó wò mí bí ẹni tí kò gbọ́. “Ìwọ?”

“Èmi ni, mà. Mo rò pé òjò àkọ́rọ̀ ò yẹ kó ṣòfò, bí ìyá àgbà ṣe máa ń sọ. Mo fẹ́ kí ẹ yìn mí. Nígbà tí ata wọlé, ẹ̀rù bà mí.”

Nọ́ọ̀sì bi mí bóyá kò sí nǹkan. Ìyá mi bẹ̀rẹ̀ sí í wo ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì lórí tábìlì, ó ń yí wọn padà, iwájú, ẹ̀yìn.

“O jẹ́ kí n kúnlẹ̀,” ló wí nígbà tó yá. Ohùn rẹ̀ ò lọ sókè. “O jẹ́ kí n kúnlẹ̀ fún obìnrin yẹn níta gbangba. O tún bá mi túmọ̀ ẹ̀.”

Mo dìde lórí àga, mo kúnlẹ̀ sórí ilẹ̀ kíṣìnì, èmi arúgbó tí orúnkún ti ń dùn. Nọ́ọ̀sì rò pé mo ṣubú ni, ó sáré dìde kó dì mí mú, ìyá mi na ọwọ́ sí i pé kó fi mí sílẹ̀. Ó jẹ́ kí n pẹ́ níbẹ̀. Ó jẹ́ kó dùn mí dáadáa.

Lẹ́yìn náà, ó fi orí tọ́ka sí nọ́ọ̀sì. “Ó yá, túmọ̀,” ó ní. “Sọ fún un pé mi ò gbàgbé nǹkan kan rí.”

Orí ìkúnlẹ̀ ni mo wà tí mo fi túmọ̀ rẹ̀.

Ayé ti yí padà o, ẹ̀yin ọmọ mi. Nígbà tiwa, ọmọdé kì í dá sí i tí àgbà bá ń sọ̀rọ̀. Ọmọ tó bá dákẹ́ ni wọ́n ń pè ní ọmọ gidi, wọ́n sì yìn mí gan-an láyé ìgbà yẹn pé ọmọ gidi ni mí. Ẹ̀yin tòní, ẹ ò tíì fọ́ nǹkan tán tí ẹ ti ń ké pé “it was me,” pẹ̀lú ojú tó dá gbáṣáṣá. Mo ti máa ń bá yín jà pé ẹ ò ní ìtìjú. Mi ò ní bá yín jà nítorí ìyẹn mọ́.

Nọ́ọ̀sì ní kì í ṣe ìgbàgbé ló ń ṣe ìyá mi, kò sì lọ síbì kankan. Ó ń dá wà nílé lọ́jọ́ iṣẹ́ mi, ara rẹ̀ balẹ̀, kì í pe ẹnikẹ́ni wá bá òun wo sítóòfù. Ó ní ọwọ́ òun dá òun lójú. Ọwọ́ tèmi ni kò dá a lójú mọ́. Tí mo bá ti se nǹkan tán báyìí, á rọra dé ẹ̀yìn mi, á fọwọ́ kan bọ́tìnnì sítóòfù lọ́kọ̀ọ̀kan, á wò mí, á ní òun kàn ń wò ó ni. Kò tíì sọ pé òun dárí jì mí. Mi ò sì tíì láyà láti bi í.